Oríyìn fún Jim Reeves àti Àwo Kérésìmesì Rẹ̀

Bí ọyẹ́ bá ti fẹ́ wọ̀lú, tí oṣù Kejìlá ń kan ilẹ̀kùn, ọkùnrin ará Amẹ́ríkà kan tó ti kú láti ọdún 1964 a tún bẹ̀rẹ̀ sí í kọrin ní Owódé Onírin. Ẹni tó bá mọ ibẹ̀ mọ̀ pé kì í ṣe ibi téèyàn ń lọ nítorí àtigbọ́ orin. Etí títì Ìkòròdú ni, téèyàn bá ti kọjá Máìlì 12. Tírélà ń fọn fèrè, àwọn alábàárù ń ju ọ̀pá irin sílẹ̀ láti orí ọkọ̀, wẹ́dà ń jó irin pọ̀, ẹni tó ń ta ẹ́ńjìnnì tòkunbọ̀ sì ń tanná sí i kí oníbàárà lè fi etí ara rẹ̀ gbọ́ bó ṣe ń dún. Nínú gbogbo ariwo yìí, láti inú ẹ̀rọ kékeré kan tí wọ́n gbé kọ́ sẹ́nu ṣọ́ọ̀bù, ohùn Jim Reeves ń jáde bọ̀. Kò yára, kò pariwo, síbẹ̀ gbogbo ọ̀rọ̀ tó ń tẹnu rẹ̀ jáde ló ń dé etí.

Orin méjìlá ló wà nínú àwo náà. Twelve Songs of Christmas ni orúkọ rẹ̀, ilé iṣẹ́ RCA Victor ló gbé e jáde lọ́dún 1963. Àwo yìí la fẹ́ yìn lónìí, àwo náà fúnra rẹ̀, ẹni tó kọ ọ́, àwọn tó dúró tì í, àti àwọn èèyàn tiwa tí wọn ò jẹ́ kó parun. Bí ẹnì kan bá bi wá pé kí ló kan ìwé ìròyìn Yorùbá nínú orin kọ́ńtírì àwọn òyìnbó, èsì wa ò gùn: ìdílé tí kò mọ̀ ọ́n ní Èkó yìí kò pọ̀. Ohun tó ti wà nílé ẹni fún ọgọ́ta ọdún àti jù bẹ́ẹ̀ lọ kì í tún ṣe àlejò.

Texas ni wọ́n bí James Travis Reeves sí, lágbègbè Panola, ní ogúnjọ́ oṣù Kẹjọ ọdún 1923. Bọ́ọ̀lù ló kọ́kọ́ fẹ́ fi jẹun, béèsìbọ́ọ̀lù tí àwọn ará Amẹ́ríkà ń fi igi gbá. Ẹgbẹ́ St. Louis Cardinals ti mú un sábẹ́ wọn kó tó ṣèṣe, tí iṣan ẹsẹ̀ rẹ̀ bàjẹ́, tí bọ́ọ̀lù sì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ó wá di sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ orí rédíò. Ó ṣiṣẹ́ ní KWKH ní ìlú Shreveport, ní Louisiana. A gbà pé ibẹ̀ ló ti kọ́ ohun tó sọ ọ́ di ẹni tiwa lẹ́yìn ọ̀la, pé kéèyàn má ṣe gbé ọ̀rọ̀ mì. Òyìnbó tí kò bá gbé ọ̀rọ̀ mì, ẹni tó ka ìwé mẹ́fà péré yóò gbọ́ ọ. Ọ̀pọ̀ bàbá àti ìyá tí wọn kò lè tẹ̀ lé ìròyìn aago mẹ́sàn-án délẹ̀ ni wọ́n lè bá Jim Reeves kọrin láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin.

Kì í sì í ṣe pé ohùn pẹ̀lẹ́ yẹn bá a wá sáyé. Nígbà tí orin rẹ̀ Mexican Joe gbòde ní 1953, bí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe ń kọrin lòun náà ń kọ ọ́: ohùn lókè, ẹnu jìnnà sí maikirofóònù. Díẹ̀díẹ̀ ló fi ń rẹ ohùn sílẹ̀. Nígbà tó máa gba Four Walls sílẹ̀ ní 1957, ó ti sún mọ́ maikirofóònù débi pé ètè rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ kàn án. Àwọn kan ní RCA bínú. Wọ́n ní báwo ni ọkùnrin yóò ṣe máa kọrin bí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ nínú yàrá? Chet Atkins, onígìtá ọlọ́wọ́ ẹ̀rọ̀ tó ń darí iṣẹ́ ilé iṣẹ́ náà ní Nashville, ló dúró tì í. Orin náà tà. Lẹ́yìn náà ni He'll Have to Go jáde ní òpin 1959, tó sì jókòó sí ipò kìíní láàárín àwọn orin kọ́ńtírì fún ọ̀sẹ̀ 14. Ọgbọ́n tí wọ́n lò níbẹ̀ kò ṣàjèjì sí wa. Àgbà tó bá fẹ́ parí ìjà kì í pariwo ju àwọn tó ń jà lọ. Ó máa ń rẹ ohùn sílẹ̀ ni, kí wọ́n lè dákẹ́ láti gbọ́ ohun tó fẹ́ sọ. Chet Atkins gbà pé irú ohùn bẹ́ẹ̀ yóò rí olùgbọ́, ó sì yẹ ká dá a lọ́lá fún un, nítorí àwọn olówó tó ń náwó lé olórin lórí kì í sábà ní sùúrù fún ohun tí wọn ò tíì gbọ́ rí.

Ohùn yìí ló gbé wọ inú àwo Kérésìmesì náà, tí Chet Atkins sì ṣe kòkáárí rẹ̀. Ọ̀nà tí wọ́n fi tò ó dára lójú wa. Àríyá ló pọ̀ nínú àwọn tó kọ́kọ́ wá, Jingle Bells ló ṣíwájú, tí ijó sì ń tẹ̀ lé e. Àwọn orin ìsìn ló wà lẹ́yìn, tí Silent Night wá parí gbogbo rẹ̀. Bí ọjọ́ ọdún fúnra rẹ̀ ṣe ń rí kọ́ nìyẹn o, nítorí lọ́dọ̀ tiwa ṣọ́ọ̀ṣì ló ń ṣáájú, ìrẹsì àti ẹran adìyẹ ló ń tẹ̀ lé e. Ṣùgbọ́n bí ọkàn ẹni tó ti ṣiṣẹ́ títí ọdún fi parí ṣe máa ń rọlẹ̀ nìyẹn: kó kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín, kó tó wá rántí ẹni tó yẹ kó dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Ẹ gbọ́ An Old Christmas Card nínú rẹ̀. Ọkùnrin kan rí káàdì Kérésì àtijọ́ tí olólùfẹ́ rẹ̀ fi ránṣẹ́ sí i, ó sì ń rántí. Kò sí ju bẹ́ẹ̀ lọ. Kò sí ariwo ìlù, kò sí ẹkún, àmọ́ ẹni tí ìyàwó rẹ̀ ti ṣaláìsí kì í gbọ́ orin náà tán kó má mí kanlẹ̀. Orin tó sípẹ́lì Kérésìmesì ní lẹ́tà kọ̀ọ̀kan ńkọ́? Tíṣà aláìgbowó oṣù ni Jim Reeves jẹ́ níbẹ̀. Ọmọ tí kò tíì lè kọ orúkọ ara rẹ̀ láìṣàṣìṣe ti mọ lẹ́tà mẹ́sàn-án yẹn lórí, torí pé wọ́n gbé e lé ohùn orin fún un.

Mary's Boy Child náà wà níbẹ̀. Ọ̀pọ̀ èèyàn ní ọjà yìí rò pé orin Boney M ni, nítorí àwọn yẹn kọ ọ́ lọ́dún 1978, wọ́n sì fi ijó sí i. Harry Belafonte ti kọ ọ́ ṣáájú wọn ní 1956. Aláwọ̀ dúdú ará Amẹ́ríkà kan, Jester Hairston, ló ni orin náà. Nítorí náà, kì í ṣe ohun òyìnbó nìkan ló bá àwo yìí wọlé wá. Ẹ̀jẹ̀ tiwa wà nínú rẹ̀ kó tó dé ọ̀dọ̀ wa. Bó bá di ọ̀ràn kí a jó, a ó fún Boney M ní ipò wọn. Bó bá di ọ̀ràn kí a gbọ́ ìtàn ọmọ tí wọ́n bí sí ibùjẹ ẹran, ti Jim Reeves la ó gbé sí i.

Lórí àwọn orin ìsìn inú rẹ̀, a ní ọ̀rọ̀ kan tí kì í sábà jáde lẹ́nu àwọn olùkọ́ akọrin ṣọ́ọ̀ṣì. Látìgbà tí ẹ̀sìn ti dé la ti ń kọ àwọn orin wọ̀nyí ní Yorùbá, wọ́n sì wà nínú ìwé orin wa. Ṣùgbọ́n ohùn òyìnbó la gbé ọ̀rọ̀ Yorùbá lé, ohùn yẹn kò sì bìkítà pé ọ̀rọ̀ wa ní òkè, àárín àti ìsàlẹ̀ tirẹ̀. Níbi tí ọ̀rọ̀ ti ń sọ̀ kalẹ̀, orin ń gòkè. Ohun tó dára lójú ìwé a wá yí padà lẹ́nu akọrin, nígbà mìíràn a di ohun ẹ̀rín. Nígbà tí Jim Reeves gbé orin kan náà ní èdè tirẹ̀, ọ̀rọ̀ àti ohùn ń rìn pọ̀, ẹni tó sì ti mọ ìtàn náà láti inú Bíbélì Yorùbá ń gbọ́ gbogbo rẹ̀ yékéyéké. A kò sọ pé kí ẹnikẹ́ni jù tiwa nù. Ohun tí à ń sọ ni pé orin tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ bá ti dúró dáadáa lórí ohùn rẹ̀ máa ń wọ ẹni tí kì í ṣe ọmọ onílé pàápàá lára.

Bí àwo náà ṣe dé ọ̀dọ̀ wa kò le láti mọ̀. Ọdún tó jáde, 1963, ni Nàìjíríà di rìpọ́bílíìkì. Asọ̀rọ̀mágbèsì ti wà lára ògiri ilé púpọ̀ ní Èkó láti àwọn ọdún 1930, àwọn tíṣà àti akọ̀wé tí owó oṣù wọn tó o sì ń ra rédíògráàmù sí pálọ̀. Lẹ́yìn náà ni kásẹ́ẹ̀tì dé tó gbé e wọ inú ọkọ̀ dánfó àti ṣọ́ọ̀bù mẹkáníìkì, lẹ́yìn kásẹ́ẹ̀tì ni síídì, lónìí inú mẹ́mórì káàdì tí kò tó èékánná ló wà. Gbogbo ẹ̀rọ tí wọ́n fi gbọ́ ọ nígbà náà ti di àlòkù irin, àwọn kan lára wọn lè ti gba Owódé Onírin yìí kọjá lọ síbi tí wọ́n ti ń yọ́ irin. Orin nìkan ló kù.

Lórí òjò dídì tó kún inú àwọn orin wọ̀nyí, ẹ jẹ́ ká rẹ́rìn-ín díẹ̀. Òjò dídì ò rọ̀ rí ní Kétu, kò rọ̀ rí ní Ìkòsí. Ohun funfun tó ń bo òrùlé lọ́jọ́ Kérésì ní Owódé Onírin ni eruku ọyẹ́, kò sì pẹ́ tó fi ń pọ́n bí ìpẹtà. Síbẹ̀ ẹ óò rí ọ̀dọ́mọkùnrin tó ń so ọ̀pá irin pọ̀, tí òógùn ń já ṣòrò lára rẹ̀, tó ń bá White Christmas kọrin wẹ́rẹ́, Mùsùlùmí sì ni. Ohun tí wọ́n fẹ́ràn nínú rẹ̀ kì í ṣe òjò dídì. Ọkùnrin tó jìnnà sílé tó ń ronú ilé ni wọ́n gbọ́, èèyàn mélòó ló sì wà ní ọjà yìí tí kò fi ilé sílẹ̀ wá síbẹ̀, yálà láti Ọ̀yọ́ ni tàbí Nnewi tàbí Kano?

Jim Reeves fúnra rẹ̀, Kérésì kan ṣoṣo ló ṣe lẹ́yìn tí àwo náà jáde. Ní ọjọ́ 31 oṣù Keje ọdún 1964, òun ló ń wa ọkọ̀ òfuurufú kékeré kan padà sí Nashville pẹ̀lú Dean Manuel, ẹni tó ń tẹ dùùrù fún un, nígbà tí wọ́n wọ inú ìjì òjò. Ọjọ́ méjì ni wọ́n fi wá wọn nínú igbó kí wọ́n tó rí òkú wọn. Ó ku ogúnjọ́ kó pé ọmọ ọdún 41. Ìyàwó rẹ̀, Mary Reeves, kò jẹ́ kí ohùn náà wọlẹ̀ pẹ̀lú rẹ̀. Ó ń mú àwọn orin tí ọkọ rẹ̀ ti gbà sílẹ̀ jáde lọ́kọ̀ọ̀kan, tó fi jẹ́ pé ní 1966, ọdún méjì lẹ́yìn tí ọkọ náà kú, Distant Drums gba ipò kìíní ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ìyáàfin Mary Reeves, a kí yín. Opó tó ń bójú tó iṣẹ́ ọkọ rẹ̀ bẹ́ẹ̀ kò wọ́pọ̀, ní Amẹ́ríkà tàbí níbí.

Ojú oríyìn ò gbọdọ̀ fọ́ sí àléébù. Jim Reeves lọ kọrin ní Gúúsù Áfíríkà lọ́dún 1962, ó tún ṣe fíìmù níbẹ̀ lẹ́yìn náà, ó sì gba àwo sílẹ̀ ní èdè Afrikaans, nígbà tí òfin tó ya aláwọ̀ dúdú sọ́tọ̀ le koko ní ilẹ̀ náà. Ìyẹn kò dùn mọ́ wa, a kò sì ní bò ó mọ́lẹ̀. Orin rẹ̀ bọ́ sọ́wọ́ àwọn tí wọn kì bá jẹ́ kí wọ́n jókòó sí iwájú nínú gbọ̀ngàn tó ti kọrin níbẹ̀, àwọn yẹn sì ni wọ́n ń dá a lọ́lá jù lọ títí dòní, ní Áfíríkà káàkiri. Àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ nídìí kọ́ńtírì tún rí irú ìfẹ́ bẹ́ẹ̀ gbà. Don Williams tilẹ̀ dé Zimbabwe wá kọrin ní 1997.

Ibi tí ọ̀rọ̀ yìí ti kan àwa Yorùbá gbọ̀ngbọ̀n ni gìtá onírin. Nínú orin kọ́ńtírì, wọ́n máa ń gbé irú gìtá kan kalẹ̀ gbọọrọ bíi tábìlì. Ẹni tó ń ta á jókòó tì í, ó ń fi ọwọ́ ọ̀tún ta okùn rẹ̀, ó ń fi irin kan fà á lọ fà á bọ̀ lọ́wọ́ òsì, ó sì ń fi ẹsẹ̀ àti orúnkún ti àwọn ohun tó ń yí ohùn rẹ̀ padà. Ọ̀dọ̀ àwọn ará Hawaii ni irú gìtá tí wọ́n ń fi irin fà ti ṣẹ̀ wá. Ẹ wá wo bí ayé ṣe rí: nínú irú orin tí Chet Atkins àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ń ṣe ní Nashville nígbà ayé Jim Reeves, gìtá yìí gan-an àti fáyólínì ni wọ́n ń dín kù, kí orin lè wọ etí àwọn ará ìgboro. Wọ́n fi dùùrù àti elégbè rọ́pò wọn, irú elégbè bíi ti Anita Kerr tó gbè fún Jim Reeves nínú ọ̀pọ̀ orin rẹ̀. Ohun tí wọ́n ń gbé sẹ́yìn níbẹ̀ ni King Sunny Adé gbé wá síwájú níbí. Nígbà tí àwo Juju Music jáde ní 1982 lábẹ́ Island Records, Demola Adepoju ló jókòó sídìí gìtá onírin náà, ẹni tó bá sì gbọ́ ọ láàárín gángan àti ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ yóò rò pé ilẹ̀ Yorùbá ni wọ́n ti rọ ọ́. Ó bá wa mu nítorí pé ó lè fà. Gìtá lásán ń fo láti ohùn kan bọ́ sí òmíràn. Gìtá onírin ń yọ̀ lọ láti òkè wá sísàlẹ̀, èdè wa sì ń ṣe bẹ́ẹ̀ lójoojúmọ́. Synchro System tó tẹ̀ lé e ní 1983 dé ẹnu ọ̀nà Grammy. Orin kọ́ńtírì kò kàn fún wa ní ohun tí a ó máa gbọ́. Ó fún wa ní irinṣẹ́, a sì fi ṣe ohun tí àwọn tó ni ín kò ronú kàn.

Àwọn ọmọ Nàìjíríà mìíràn ti gba ọ̀nà yìí kọjá. Bongos Ikwue, ọmọ Ìdọ̀mà láti Òtúkpó, ti ń kọ irú orin onítàn bẹ́ẹ̀ kí ọ̀pọ̀ nínú àwọn olórin òde òní tó dáyé. Lẹ́nu àìpẹ́ yìí ni Collins Obinna Chibueze dé, ẹni tí ayé mọ̀ sí Shaboozey, tí àwọn òbí rẹ̀ jẹ́ ọmọ Nàìjíríà, tí wọ́n bí i sí Virginia ní 1995. Àwo rẹ̀ Where I've Been, Isn't Where I'm Going jáde ní oṣù Karùn-ún ọdún 2024, orin kan nínú rẹ̀, A Bar Song, sì lo ọ̀sẹ̀ 19 ní ipò kìíní lórí Billboard Hot 100, tó bá èyí tó ga jù lọ títí dìgbà náà dọ́gba. Ọtí ni orin yẹn ń sọ, Jim Reeves kì bá fi í sínú àwo Kérésì rẹ̀ láéláé. Síbẹ̀ ọmọ yìí ṣe wá lóore. Nígbà tí ẹnikẹ́ni bá tún ń bi wá pé kí ni aláwọ̀ dúdú ń wá nídìí kọ́ńtírì, a ó ní kó lọ bi Billboard.

Ẹ jẹ́ ká padà sí tiwa. A yin àwọn sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ rédíò tí wọ́n ń gbé orin Jim Reeves sáfẹ́fẹ́ láràárọ̀ ọjọ́ Sunday. A yin àwọn àtúnrédíòṣe tí wọ́n ń tún ẹ̀rọ àtijọ́ ṣe títí ẹ̀rọ fi kọ̀. A yin àwọn ọmọ tí ń fi orin sínú fóònù fún ẹni tó ń kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì, tí wọ́n mọ orúkọ Jim Reeves bó tilẹ̀ jẹ́ pé Burna Boy ló ń mówó wọlé fún wọn. A yin àwọn ìdílé tó ń fi orin ẹ̀sìn rẹ̀ sin òkú àgbà, tí This World Is Not My Home ń dún bí pósí ṣe ń wọlẹ̀. Àmọ́ gbèsè wà lọ́rùn wa. Púpọ̀ nínú kásẹ́ẹ̀tì àti síídì tí a fi gbọ́ ọ ní gbogbo ọdún wọ̀nyí ló jẹ́ ẹ̀dà tí ẹnikẹ́ni ò gba àṣẹ láti ṣe, a sì rà wọ́n tayọ̀tayọ̀. Kọ́bọ̀ kan kò dé ọ̀dọ̀ Mary Reeves lára owó yẹn. Oríyìn tí à ń kọ yìí, díẹ̀ lára ohun tí a jẹ ni.

A tún ní ẹ̀bẹ̀ kan sí àwọn sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ wa. Bí Kérésìmesì bá tún dé, tí ẹ sì gbé àwo náà sáfẹ́fẹ́, ẹ jọ̀wọ́ ẹ má kàn sọ pé orin Jim Reeves nìyẹn kí ẹ tó bọ́ sórí ìpolówó. Ẹ dárúkọ Chet Atkins. Ẹ sọ pé Jester Hairston ló kọ Mary's Boy Child. Bí àyè bá sì kù, ẹ fi orin Sunny Adé kan tẹ̀ lé e, èyí tí gìtá Demola Adepoju ti dún ketekete, kí àwọn ará Owódé Onírin lè fi etí ara wọn gbọ́ ibi tí a bá ọ̀rọ̀ náà dé.